Òkúta kan tó rẹwà, tí kò yẹ kó sùn sí yàrá ọmọ

  Ọ̀rọ̀ òkúta ni mo gbé wá lọ́sẹ̀ yìí. Mo mọ̀ pé àwọn kan á ti máa sọ pé kí ló kan nọ́ọ̀sì nínú ọ̀rọ̀ òkúta, àfi tó bá jẹ́ òkúta inú kíndìnrín. Ẹ fara balẹ̀, ẹ ó rí i pé ó kàn mí, ó sì kan ẹ̀yin náà, pàápàá ẹ̀yin tí ẹ lọ́mọ lókè òkun, àti ẹ̀yin tí wọ́n ti ta ẹ̀gbà ọrùn fún pé agbára inú rẹ̀ ń wo làkúrègbé.

Torbernite ni wọ́n ń pe òkúta náà. Orúkọ ọkùnrin kan ni wọ́n fi sọ ọ́, Torbern Bergman, onímọ̀ kẹ́mísírì ọmọ ilẹ̀ Sweden tó kú ní ọdún 1784. Bí ẹ bá rí i, ẹ ó fẹ́ mú un. Aláwọ̀ ewé ni, ó tutù yọ̀yọ̀ bí ewé tí òjò ṣẹ̀ṣẹ̀ rọ̀ sí, ó sì ń dán. Pẹlẹbẹ pẹlẹbẹ ló máa ń hù lára òkúta mìíràn, ní igun mẹ́rin mẹ́rin, bíi pé ẹnì kan gé ìgò aláwọ̀ ewé wẹ́wẹ́ tó sì tò ó léra. Kò le rárá. Èékánná lásán lè fá a, bí ẹ bá sì tẹ̀ ẹ́ díẹ̀, á máa ṣí ní awẹ́ awẹ́.

Ohun mẹ́rin ló para pọ̀ di òkúta yìí: bàbà, fọ́síféètì, omi, àti yuréníọ́ọ̀mù. Bàbà àti omi kò ṣàjèjì sí yín. Fọ́síféètì náà kò ṣàjèjì, òun ló wà nínú egungun wa àti nínú ajílẹ̀ tí àwọn àgbẹ̀ ń rà ní àpò. Yuréníọ́ọ̀mù ni àlejò tó wà láàárín wọn, òun náà sì ni wọ́n fi ń ṣe bọ́ǹbù átọ́míìkì, tí wọ́n tún fi ń pèsè iná mànàmáná ní àwọn orílẹ̀-èdè kan. Nínú torbernite, yuréníọ́ọ̀mù fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdajì ìwọ̀n òkúta náà. Bí omi bá gba inú ilẹ̀ kọjá lára àpáta tó ní yuréníọ́ọ̀mù, tó tún wá bá bàbà àti fọ́síféètì pàdé lọ́nà, ibẹ̀ ni torbernite ti ń dì jọ. Ìdí nìyẹn tó fi ṣọ̀wọ́n. Kì í ṣe òkúta tí ẹ ó ṣàdédé bá lẹ́bàá odò. Ilẹ̀ Jámánì ni wọ́n ti kọ́kọ́ ṣe àpèjúwe rẹ̀, ó wà ní Cornwall nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì níbi tí wọ́n ti wa bàbà àti tánganran fún ọ̀pọ̀ ọdún, ó sì wà ní Katanga ní orílẹ̀-èdè Kóńgò. Àwọn tó ń kó òkúta olówó iyebíye jọ máa ń rà á, wọ́n sì ń fi ránṣẹ́ láti ìlú kan sí òmíràn.

Ó ní àbúrò kan tí wọ́n ń pè ní autunite, tí wọ́n fi orúkọ ìlú Autun nílẹ̀ Faransé sọ. Nǹkan kan náà ló wà nínú àwọn méjèèjì, àfi pé kálísíọ́ọ̀mù ló dípò bàbà nínú autunite. Ẹ mọ iná aláwọ̀ àlùkò tí wọ́n fi ń yẹ owó wò ní báǹkì, láti mọ ayédèrú? Bí ẹ bá tan irú iná bẹ́ẹ̀ sí autunite nínú òkùnkùn, á máa tàn yanran, ní àwọ̀ ewé tó dà pọ̀ mọ́ ìyeyè. Torbernite kì í sábà tàn, nítorí bàbà inú rẹ̀ ń pa ìmọ́lẹ̀ náà. Níbí ni ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣìnà. Wọ́n gbà pé èyí tó ń tàn ló léwu, pé èyí tí kò tàn ò ní nǹkan kan lára. Àwọn méjèèjì ló ní yuréníọ́ọ̀mù tó pọ̀, àwọn méjèèjì ló sì ń tú ìtànṣán jáde tọ̀sán tòru, yálà ẹ tan iná sí wọn tàbí ẹ kò tan án. Ìmọ́lẹ̀ tí ojú rí lọ́tọ̀, ìtànṣán tó ń pa ara lára lọ́tọ̀. Ìtànṣán yẹn kò ní àwọ̀, kò sì gbóná lọ́wọ́.

Kí àwọn onímọ̀ tó mọ ìyàtọ̀ yìí, ó gba wàhálà. Ní ọdún 1896 ní Paris, ọ̀gbẹ́ni Henri Becquerel rò pé ìmọ́lẹ̀ tí iyọ̀ yuréníọ́ọ̀mù ń tàn lẹ́yìn tí oòrùn bá ti pa á ló ní agbára àrà ọ̀tọ̀ nínú. Ó fi pépà dúdú wé àwo tí wọ́n fi ń ya fọ́tò nígbà náà, ó gbé iyọ̀ yìí lé e lórí, ó ń retí oòrùn. Oòrùn kò yọ dáadáa. Ojú ọjọ́ ṣú, ó bá kó gbogbo rẹ̀ sínú dúrọ́ọ̀. Nígbà tó fọ àwo fọ́tò náà ní ọjọ́ kìn-ín-ní, oṣù Kẹta, ó rò pé fírífírí lásán lòun máa rí. Àmì iyọ̀ náà ló rí, ó hàn ketekete. Nínú òkùnkùn dúrọ́ọ̀, láìsí oòrùn kankan, nǹkan kan ti ń jáde lára yuréníọ́ọ̀mù, ó ti gba inú pépà dúdú kọjá.

Ibi tí torbernite ti wọ ìtàn yìí ló dùn mọ́ mi jù, nítorí obìnrin ló wà nídìí rẹ̀. Marie Curie, ọmọ bíbí ilẹ̀ Poland tó fi Paris ṣelé, bẹ̀rẹ̀ sí í wọn ìtànṣán tó ń jáde lára oríṣiríṣi òkúta. Ní ọdún 1898 ó rí ohun kan tí kò yé e. Òkúta torbernite tí wọ́n wà nínú ilẹ̀, chalcolite ni wọ́n ń pè é nígbà náà, ìtànṣán rẹ̀ pọ̀ ju ti yuréníọ́ọ̀mù gan-an lọ. Báwo ni ọmọ ṣe máa ga ju gbogbo ara ìyá rẹ̀ lọ nígbà tó ṣì wà nínú oyún? Marie Curie wá ṣe ohun tí obìnrin tó mọ ilé ìdáná á ṣe. Ó mú bàbà, ó mú fọ́síféètì, ó mú yuréníọ́ọ̀mù tó mọ́, ó fi wọ́n ṣe torbernite tirẹ̀ nínú yàrá ìwádìí. Ó wọ̀n ọ́n. Ìtànṣán tirẹ̀ kò tó ti inú ilẹ̀ rárá. Bí ẹ bá fi èròjà kan náà se ọbẹ̀ méjì, tí ọ̀kan wá ń ta yìn-ìn ju èkejì lọ, ṣé ẹ ò ní mọ̀ pé ẹnì kan ti fi ata mìíràn sínú ìkòkò yẹn? Ohun tó rò nìyẹn. Òun àti ọkọ rẹ̀, Pierre, bẹ̀rẹ̀ sí í wá ata náà nínú òkúta mìíràn tó ní yuréníọ́ọ̀mù, nígbà tí ọdún 1898 yóò sì fi parí, wọ́n ti kéde ohun tuntun méjì tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ tẹ́lẹ̀. Wọ́n sọ ọ̀kan ní polóníọ́ọ̀mù ní ìrántí ilẹ̀ Poland, wọ́n sọ èkejì ní rédíọ́ọ̀mù.

Rédíọ́ọ̀mù yìí wà lára ohun tí àwọn dókítà fi ń bá àrùn jẹjẹrẹ jà, kó tó di pé ẹ̀rọ òde òní dé. Òun náà ló sì bá obìnrin yìí jà. Kò sẹ́ni tó mọ nígbà náà pé ó yẹ kéèyàn dáàbò bo ara rẹ̀. Ó ń fọwọ́ kó o, ó ń fi ìgò kékeré tó ní in sápò, ó ń wò ó bó ṣe ń tàn lálẹ́. Ó gba ẹ̀bùn Nobel lẹ́ẹ̀mejì, ní ọdún 1903 àti 1911. Ní oṣù Keje ọdún 1934 ó kú, nígbà tí mùdùnmúdùn inú egungun rẹ̀ kò lè pèsè ẹ̀jẹ̀ tó tó mọ́. Ìwé tó fi ń kọ iṣẹ́ rẹ̀ ṣì ń tú ìtànṣán jáde títí di òní, inú àpótí tí wọ́n fi òjé tẹ́ nínú ni wọ́n tọ́jú rẹ̀ sí ní Paris.

Ní báyìí, ẹ jẹ́ ká bọ́ sórí iṣẹ́ mi. Kí ni òkúta yìí lè ṣe fún ara?

Yuréníọ́ọ̀mù máa ń bímọ. Díẹ̀ díẹ̀ ló ń yí padà, ó lọ́ra débi pé ó máa gba nǹkan bíi bílíọ̀nù 4.5 ọdún kí ìdajì rẹ̀ tó yí padà tán. Bó ṣe ń yí padà ló ń di nǹkan mìíràn, ìyẹn náà á tún bí òmíràn, títí tí ìran náà yóò fi parí sí òjé. Láàárín àwọn ọmọ náà ni rédíọ́ọ̀mù wà. Ọmọ tí rédíọ́ọ̀mù ń bí ló wá yàtọ̀ sí gbogbo àwọn tó kù, nítorí kò jókòó sínú òkúta bíi tiwọn. Afẹ́fẹ́ ni. Rédọ́ọ̀nù ni wọ́n ń pè é. Kò ní àwọ̀, kò gbóòórùn, kò dùn, kò korò. Á yọ́ jáde lára òkúta, á dà pọ̀ mọ́ atẹ́gùn tí a ń mí sínú. Láàárín nǹkan bí ọjọ́ mẹ́rin, ìdajì rẹ̀ á ti tún yí padà di àwọn ọmọ tirẹ̀, tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ eruku, tí a ó sì fà wọ́n sí ẹ̀dọ̀fóró.

Ọ̀kan lára ìtànṣán tó ń jáde yìí, èyí tí wọ́n ń pè ní álífà, kò lè rìn jìnnà. Pépà kan ṣoṣo tó láti dá a dúró. Awọ ara wa lóde náà tó. Nítorí náà, ẹni tó fọwọ́ kan torbernite lẹ́ẹ̀kan, tó fọ ọwọ́ rẹ̀, kò ní kú, kí ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni dẹ́rù bà yín. Ṣùgbọ́n inú ẹ̀dọ̀fóró kò ní awọ tó nípọn bíi ti òde. Níbẹ̀, álífà wà lára ẹran tútù gan-an, gbogbo agbára rẹ̀ ló ń tú dà sí ojú kan náà. Bó bá ń ṣẹlẹ̀ bẹ́ẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún, ó lè di jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró. Àjọ ìlera àgbáyé, WHO, sọ pé lẹ́yìn sìgá, rédọ́ọ̀nù wà lára àwọn ohun tó ń fa jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró jù lọ. Ẹni tó ń mu sìgá tó tún ń gbé inú ilé tí rédọ́ọ̀nù pọ̀ sí, ewu tirẹ̀ ju ti ẹni tí kò mu ún lọ fíìfíì. Kò sí àpẹẹrẹ kankan tí ẹ ó fi mọ̀. Kò ní fa orí fífọ́, kò ní mú yín wúkọ́, kò ní jẹ́ kí ojú ta yín. Ẹ̀rọ nìkan ló lè sọ.

Ọ̀nà kejì ni ẹnu. Mo ti sọ pé òkúta yìí rọ̀. Bí ibi tí wọ́n gbé e sí bá gbóná tó sì gbẹ, omi inú rẹ̀ á máa fò lọ, á sán, á sì máa já wẹ́wẹ́. Wẹ́wẹ́ yìí ló di eruku lórí tábìlì. Ẹ̀yin ìyá mọ ọmọ ọdún méjì. Kí ló ń mú tí kì í fi sẹ́nu? Yuréníọ́ọ̀mù tí a bá gbé mì ń ba kíndìnrín jẹ́ gẹ́gẹ́ bí òjé ṣe ń ṣe ara níbi, láì tíì ka ìtànṣán mọ́ ọn. Rédíọ́ọ̀mù ní tirẹ̀ ń tan ara jẹ, ara á rò pé kálísíọ́ọ̀mù ni, á gbé e lọ sínú egungun, á sì tọ́jú rẹ̀ síbẹ̀. Egungun ọmọ tó ń dàgbà ló sì ń wá kálísíọ́ọ̀mù jù.

Ẹ má rò pé mo ń sọ àsọdùn nípa eruku òkúta. Ẹ rántí ohun tó ṣẹlẹ̀ ní ìpínlẹ̀ Zamfara ní ọdún 2010. Kì í ṣe yuréníọ́ọ̀mù ló wà níbẹ̀, òjé ni, ṣùgbọ́n ọ̀nà tó gbà wọlé kò yàtọ̀. Àwọn èèyàn ń gbé òkúta tí góòlù wà nínú rẹ̀ wálé, wọ́n ń lọ̀ ọ́ nínú àgbàlá, òjé tó wà nínú òkúta náà sì ń di eruku tí àwọn ọmọ ń ṣeré nínú rẹ̀. Ó tó 400 ọmọdé tó kú. Òkúta tí a kò mọ ohun tó wà nínú rẹ̀ kì í ṣe ohun tí à ń lọ̀ nílé, ìbáà ṣe fún owó, ìbáà ṣe fún oògùn.

Ìbéèrè tí mo mọ̀ pé ó ti wà lọ́kàn àwọn ará Abẹ́òkúta, Ìdànrè àti Èkìtì ni pé, àpáta tó yí àwa ká ńkọ́? Òótọ́ ni pé yuréníọ́ọ̀mù wà nínú akọ òkúta, kò sí ilẹ̀ tí kò sí díẹ̀ nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ wo ìwọ̀n rẹ̀. Nínú tọ́ọ̀nù kan akọ òkúta lásán, yuréníọ́ọ̀mù inú rẹ̀ sábà máa ń jẹ́ gíráàmù 3 sí 5, kò pọ̀ tó ṣúgà ṣíbí kékeré kan. Nínú tọ́ọ̀nù kan torbernite, ó lé ní kílógíráàmù 450. Ẹ máa gun Olúmọ yín. Ohun tí mo kàn máa fi kún un ni pé kí ẹ máa ṣí fèrèsé. Ilé àtijọ́ tí afẹ́fẹ́ ń wọlé tó ń jáde kì í jẹ́ kí rédọ́ọ̀nù kó jọ. Àwa ayé òde òní ni a ń ti gbogbo fèrèsé pa láti àárọ̀ dalẹ́ nítorí ẹ̀rọ amúlétutù.

Àwọn tí ọ̀rọ̀ rédọ́ọ̀nù kàn gbọ̀ngbọ̀n ni àwọn ọmọ wa tó wà ní òkè òkun, ìdí sì ni òtútù. Nítorí òtútù, wọn kì í ṣí fèrèsé fún oṣù púpọ̀. Afẹ́fẹ́ inú ilé gbóná, ó ń gòkè, ó sì ń fa afẹ́fẹ́ inú ilẹ̀ wọlé láti abẹ́. Ní Cornwall tí mo dárúkọ lẹ́ẹ̀kan, ilẹ̀ tó ń bí torbernite náà ni wọ́n kọ́ ilé lé. Kò di dandan kí ẹnì kan gbé òkúta wọlé, ilẹ̀ fúnra rẹ̀ ń mí sínú yàrá. Kì í ṣe Cornwall nìkan, ó dé Devon, ó dé Derbyshire àti Northamptonshire, àwọn ọmọ Yorùbá sì ń gbé láwọn ibẹ̀. Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ti ní kí ilé tí rédọ́ọ̀nù rẹ̀ bá tó 200 becquerel nínú kúbíìkì mítà kan wá nǹkan ṣe sí i. WHO ní kí orílẹ̀-èdè tó bá lè ṣe é fi 100 ṣe òdiwọ̀n. Ní Amẹ́ríkà, picocurie 4 nínú lítà kan ni wọ́n ń lò. Ẹ rí i pé orúkọ Becquerel àti ti ìdílé Curie ni wọ́n ṣì fi ń wọn ohun tí wọ́n wá rí. Àjọ tó ń rí sí àyíká ní Amẹ́ríkà, EPA, fojú bù ú pé nǹkan bí 21,000 èèyàn ni jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró tí rédọ́ọ̀nù fà ń pa níbẹ̀ lọ́dọọdún.

Ẹ̀yin ìyá àgbà, ọ̀rọ̀ yín ló kàn. Bí ọmọ yín bá bímọ ní Amẹ́ríkà tí ẹ lọ bá a tọ́jú ọmọ tuntun, níbo ni wọ́n sábà máa ń fi yín sí? Yàrá abẹ́ ilẹ̀ ni, níbi tí wọ́n tẹ́ bẹ́ẹ̀dì sí, tí tẹlifíṣàn wà, tí ariwo àwọn ọmọdé kò ti ní dí yín lọ́wọ́. Ibẹ̀ náà ni rédọ́ọ̀nù ń kó jọ sí jù nínú ilé, nítorí ibẹ̀ ló sún mọ́ ilẹ̀ jù, tí fèrèsé rẹ̀ sì kéré jù. Oṣù mẹ́ta tí ẹ̀yin fi sùn níbẹ̀ kọ́ ló ń kọ mí lóminú. Àwọn ọmọ-ọmọ yín ni, tí wọ́n sọ yàrá yẹn di ibi ìṣeré láti ọmọ ọdún kan títí wọ́n á fi wọ yunifásítì. Ìbéèrè tí mo fẹ́ kí ẹ bi ọmọ yín tàbí àna yín kò gùn: "Ṣé ẹ ti wọn rédọ́ọ̀nù ilé yìí?" Bó bá ní kí ni ń jẹ́ bẹ́ẹ̀, ẹ jẹ́ kó ka abala yìí.

Wíwọ̀n rẹ̀ kò le. Ní Amẹ́ríkà, ẹ̀rọ kékeré rẹ̀ wà ní ilé ìtajà tí wọ́n ti ń ta irinṣẹ́ ilé. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ẹ̀ka ìlera ìjọba wọn, UKHSA, ń fi í ránṣẹ́ nípasẹ̀ ìfìwéránṣẹ́. Nǹkan kékeré oníke méjì ni, wọ́n á gbé ọ̀kan sí pálọ̀, wọ́n á gbé èkejì sí yàrá, lẹ́yìn oṣù mẹ́ta wọ́n á dá a padà, èsì á sì jáde. Bó bá pọ̀ jù, wọn kò ní láti kó kúrò nílé o. Wọ́n máa ń ri páìpù sábẹ́ ilẹ̀ ilé, wọ́n á fi fáànù sí i, á máa fa afẹ́fẹ́ náà jáde sókè òrùlé kó tó ráyè wọ yàrá. Ẹni tó ń ra ilé lè ní kí ẹni tó ń tà á ṣe é kí wọ́n tó dúnàá-dúrà tán. Ọ̀pọ̀ àwọn ọmọ wa kò mọ̀ pé àwọn lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè.

Ó ku ọ̀rọ̀ àwọn tó ń ta ìlera lọ́jà. Láyé Marie Curie, nígbà tí aráyé gbọ́ pé rédíọ́ọ̀mù ń pa jẹjẹrẹ, àwọn oníṣòwò sọ ọ́ di oògùn gbogboǹṣe. Ní Amẹ́ríkà, wọ́n pò ó mọ́ omi, wọ́n rọ ọ́ sí ìgò kékeré, Radithor ni wọ́n pè é, wọ́n ní ó ń fún ara lókun. Olówó ńlá kan, Eben Byers, ṣe apá léṣe, dókítà ní kó máa mu ún. Ó mu ún lé ní ẹgbẹ̀rún ìgò. Eyín rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́, egungun àgbọ̀n rẹ̀ jẹrà, ó sì kú ní ọdún 1932. Ẹ rántí ohun tí mo sọ nípa rédíọ́ọ̀mù àti egungun.

Ẹ lè ní ìgbà náà ti kọjá. Kò tíì kọjá. Ẹ̀gbà ọrùn dúdú roboto tí wọ́n ń gbé kiri ilé àti ṣọ́ọ̀ṣì, tí wọ́n ń sọ pé ó ní agbára nínú, pé ó ń wo ìfúnpá gíga, ìtọ̀ ṣúgà àti làkúrègbé, mo ti bá a lọ́rùn àwọn aláìsàn tí wọ́n ti pa oògùn wọn tì nítorí rẹ̀. Ní oṣù Kejìlá ọdún 2021, àjọ tó ń mójú tó ọ̀rọ̀ ìtànṣán ní orílẹ̀-èdè Netherlands yẹ irú nǹkan wọ̀nyí wò, ẹ̀gbà ọrùn, ẹ̀gbà ọwọ́, títí kan ìbòjú tí wọ́n fi ń sùn. Wọ́n rí 10 tó ń tú ìtànṣán jáde lóòótọ́, wọ́n sì kéde pé kí ẹni tó bá ní i bọ́ ọ kúrò lára. Èyí tí wọ́n ṣe fún ọmọdé wà nínú rẹ̀. Ohun tí wọ́n sábà máa ń lọ̀ sínú irú nǹkan báyìí ni monazite, òkúta mìíràn tí òun náà ní fọ́síféètì, tó sì ní tóríọ́ọ̀mù nínú. Kì í ṣe gbogbo ẹ̀gbà tó wà lọ́jà ló ní in, ojú lásán kò sì lè dá èyí tó ní in mọ̀. Èmi ò rí ìdí kankan tí àgbàlagbà fi máa gbé e kọ́ àyà tọ̀sán tòru láti fi wo làkúrègbé tí kò lè wò.

Mo gbọ́dọ̀ sọ èyí náà, kí ẹnì kan má baà ka abala yìí tán kó lọ sá fún ilé ìwòsàn. Ìtànṣán x-ray, àti èyí tí wọ́n fi ń tọ́jú jẹjẹrẹ, ní ìwọ̀n, ó ní ibi tí wọ́n darí rẹ̀ sí, ó sì ní àkókò tí wọ́n ń pa á. Bí dókítà bá ní kí ẹ ya x-ray àyà, ẹ lọ yà á. Aboyún kàn ní láti tètè sọ pé òun lóyún kó tó wọlé.

Bí ọmọ yín tó ń kó òkúta jọ bá ti ra torbernite tàbí autunite, ẹ má lù ú, ẹ má sì jù ú sórí ààtàn níbi tí àwọn ọmọ mìíràn ti máa he é. Kó fi í sínú àpótí tó ní ìdérí, kó kọ orúkọ rẹ̀ sí i gàdàgbà, kó gbé e síbi tí afẹ́fẹ́ ti ń fẹ́ dáadáa, tó jìnnà sí yàrá ìbùsùn, ilé ìdáná àti ọwọ́ ọmọdé. Kó fọ ọwọ́ nígbàkigbà tó bá fi kàn án, kó má ṣe gé e, kó má ṣe lọ̀ ọ́. Eruku ibẹ̀, aṣọ tútù ni kó fi nù ún, kì í ṣe ìgbálẹ̀. Ẹ̀gbà ọrùn tí ẹ ń fura sí ní tirẹ̀, ẹ bọ́ ọ, ẹ wé e sínú ọ̀rá, ẹ má sun ún níná. Àjọ NNRA ni ìjọba àpapọ̀ gbé ọ̀rọ̀ ìtànṣán lé lọ́wọ́ ní Nàìjíríà, iléeṣẹ́ wọn tó ń ṣe ìwádìí, National Institute of Radiation Protection and Research, sì wà nínú ọgbà Yunifásítì Ìbàdàn. Ẹ béèrè lọ́wọ́ wọn kí ẹ tó gbé e kiri. Ẹni tó bá ti ń lo oògùn ìfúnpá kó tó ra ẹ̀gbà náà, kó padà sídìí oògùn rẹ̀ lónìí, kó sì jẹ́ kí nọ́ọ̀sì tó bá sún mọ́ ọn wọn ìfúnpá rẹ̀ kí ọ̀sẹ̀ yìí tó parí.